Ọwọ́ Àjèjì Nínú Ọkọ̀

Ọ̀pọ̀ ọkọ̀ tòkunbọ̀ tó ń ti Ìwàràjà gun òkè Ẹ̀fọ̀n Aláayè wọ Èkìtì lónìí ló ní síkírínì níwájú awakọ̀. Bí olówó ọkọ̀ bá tẹ ibi tí wọ́n kọ máàpù sí, ọfà kékeré kan ni yóò rí tó dá dúró láàárín pápá òfìfo. Kò ní rí Ìtawúrẹ́, kò ní rí Arámọ̀kọ, kò ní rí ojú ọ̀nà kankan. Ẹ̀rọ náà kò bàjẹ́. Ó mọ ibi tí ọkọ̀ wà, nítorí ìró àwọn sátẹ́láìtì GPS tó ń yí ayé po ní nǹkan bí 20,000 kìlómítà sókè ń dé Èkìtì bó ṣe ń dé Amẹ́ríkà. Máàpù Amẹ́ríkà tàbí ti Yúróòpù ni wọ́n kó sí i nínú nígbà tí wọ́n ṣe é, ilẹ̀ wa kò sì sí lára rẹ̀.

Iṣẹ́ rewáyà ni mò ń ṣe ní Arámọ̀kọ. Láti ìgbà tí redíò oníkásẹ́ẹ̀tì ṣì gbòde ni mo ti ń tú iwájú ọkọ̀, tí mo sì ń dì í padà. Nínú gbogbo ohun tí àwọn oníbàárà ń gbé wá sí ṣọ́ọ̀bù wa láyé ìsinsìnyí, èyí tó ń kọ mí lóminú jù ni síkírínì tó kú nítorí pé ẹnìkan ki fláàṣì bọ̀ ọ́, ó ní òun fẹ́ bá olówó ọkọ̀ ṣe update. Mo fẹ́ sọ ohun tí mo mọ̀ nípa rẹ̀ fún àwọn tó ni ọkọ̀, kí n sì sọ ọ́ fún àwọn ọ̀dọ́ tó ń kọ́ iṣẹ́ wa. Kókó ọ̀rọ̀ náà kò ju ẹyọ kan lọ: ẹni tí kò mọ bí yóò ṣe dá ẹ̀rọ padà sí bó ṣe wà tẹ́lẹ̀ kò gbọdọ̀ fọwọ́ kan ohun tó wà nínú rẹ̀.

Ohun mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni àwọn ènìyàn ń kó pọ̀, tí wọ́n ń pè ní update. Èkíní ni máàpù fúnra rẹ̀: orúkọ ìlú, ojú ọ̀nà, ilé epo, ilé ìwòsàn. Inú DVD ló máa ń wà nínú àwọn ọkọ̀ tó ti pẹ́ díẹ̀; inú háàdì dísìkì tàbí káàdì SD ló wà nínú ọ̀pọ̀ àwọn tó tẹ̀ lé wọn. Èkejì ni sọ́fítíwíà tó ń darí ẹ̀rọ. Òun ló ń jẹ́ kí síkírínì tàn, kí ó gbọ́ràn sí bọ́tìnì lẹ́nu, kí ó sì gbé àwòrán káàmẹ́rà ẹ̀yìn jáde bí awakọ̀ bá fi jíà sí ẹ̀yìn. Ẹ̀kẹta ni kódù àṣẹ. Ilé iṣẹ́ BMW, fún àpẹẹrẹ, máa ń so kódù máàpù mọ́ nọ́ńbà ṣásí ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan, kódù ọkọ̀ kan kì í sì í ṣí ti èkejì.

Ẹni tó ń ta ayédèrú máàpù mọ èyí dáadáa. Kí máàpù tí wọn kò san owó rẹ̀ fún ilé iṣẹ́ tó lè wọlé sínú irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀, ó ní láti kọ́kọ́ yí sọ́fítíwíà padà kí ó má baà béèrè kódù mọ́. Oníbàárà rò pé máàpù lásán ni òun rà. Kò mọ̀ pé ẹ̀ṣọ́ tó ń ṣọ́ ẹnu ọ̀nà ni wọ́n kọ́kọ́ lé lọ. Bí ẹ̀ṣọ́ bá sì ti lọ, kò sí ẹni tí yóò yẹ ẹrù tó ń wọlé lẹ́yìn náà wò.

N kò bá ẹnikẹ́ni wí pé ó ń wá ọ̀nà láti tún síkírínì ọkọ̀ rẹ̀ ṣe. Ìdí tí wọ́n fi ń wá a ṣe é gbọ́ sétí. Nínú ìròyìn kan tí ètò àyíká Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé gbé jáde lóṣù kẹwàá ọdún 2020, wọ́n ní láàárín ọdún 2015 sí 2018, mílíọ̀nù 14 ọkọ̀ àlòkù ni wọ́n kó láti Yúróòpù, Japan àti Amẹ́ríkà lọ tà káàkiri ayé, Áfíríkà ló sì gba èyí tó pọ̀ jù. Ọkọ̀ rékọjá òkun, ìtọ́jú rẹ̀ kò bá a wá. Ẹ̀rọ tó ń gba ìròyìn láti ilé iṣẹ́ lórí nẹ́tíwọ́ọ̀kì Amẹ́ríkà kò rí ohunkóhun gbà ní Ìjerò. Lára wọn tilẹ̀ ti dákẹ́ nílé tí wọ́n ti wá, nítorí pé AT&T pa nẹ́tíwọ́ọ̀kì 3G rẹ̀ ní Amẹ́ríkà ní ọjọ́ 22 oṣù kejì ọdún 2022.

Ti àwọn síkírínì tí wọ́n tú lára ọkọ̀ ní Japan, tí wọ́n wá ń tà lọ́tọ̀ ní ọjà Ládípọ̀ ní Èkó, tún le jù bẹ́ẹ̀ lọ. Èdè Japan ló kún ojú wọn. Redíò FM inú àwọn tó ti pẹ́ bẹ̀rẹ̀ láti 76, ó parí sí 90, bẹ́ẹ̀ ni òkè 90 ni ọ̀pọ̀ redíò wa wà. Àwọn mìíràn á ti ara wọn pa bí a bá yọ bátìrì ọkọ̀, wọn á ní àfi kí a tẹ kódù tí ẹni tó kọ́kọ́ ni ọkọ̀ ti gbàgbé sí Osaka tàbí Nagoya. Bí irú ìdààmú báyìí bá dé bá ènìyàn, tí ọ̀dọ́kùnrin kan sì ní òun ní fláàṣì tó lè yanjú rẹ̀ ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ẹni náà kì í ṣe òmùgọ̀ bó bá gbà. Ohun tí ẹnikẹ́ni kò sọ fún un ni mo fẹ́ sọ.

Ohun àkọ́kọ́ tó ń pa síkírínì ni kí fáìlì má bá ẹ̀rọ mu. Ọkọ̀ méjì lè jọ ara wọn délẹ̀, kí ọdún wọn bára mu, kí àwọ̀ wọn jọra, síbẹ̀ kí ọ̀kan jẹ́ ti Amẹ́ríkà, kí èkejì jẹ́ ti Yúróòpù, kí ohun tó wà nínú síkírínì wọn sì yàtọ̀ pátápátá. Ọkùnrin kan tó ń ṣòwò ní Ìjerò gbé ọkọ̀ rẹ̀ wá bá wa lẹ́yìn tí wọ́n ti bá a ṣe update níbòmíràn. Síkírínì dúdú kirikiri. Éésì kò ṣe é tẹ̀ mọ́, nítorí orí síkírínì yẹn ni bọ́tìnì éésì wà. Káàmẹ́rà ẹ̀yìn kò ṣiṣẹ́. Èyí tó tún wá yà á lẹ́nu ni pé bó bá ti di òwúrọ̀, bátìrì á ti kú.

Nígbà tí a fi mítà wọn iná tí ọkọ̀ náà ń mu lẹ́yìn tí a ti pa á, tí a sì ti ti ilẹ̀kùn rẹ̀, ohun tó ń ṣẹlẹ̀ hàn kedere. Ọkọ̀ tó bá sùn dáadáa kì í sábà mu ju milíámpì 50 lọ. Tirẹ̀ ń mu ju ámpì méjì lọ, ó lọ sókè, ó bọ̀ sílẹ̀, ó tún lọ sókè. Síkírínì tí gbogbo wa rò pé ó ti kú kò kú tán. Ó ń gbìyànjú àtijí mọ́jú, kò rí ọ̀nà, ó ń tún un gbìyànjú, kò sì jẹ́ kí àwọn ẹ̀rọ yòókù tó so mọ́ ọn sùn. Fáìlì tí wọ́n kó sí i jẹ́ ti ọkọ̀ Yúróòpù, ọkọ̀ tirẹ̀ sì ti Amẹ́ríkà wá. Ọ̀dọ́ tó ṣe é kò purọ́ fún un pé fáìlì náà ṣiṣẹ́ lára ọkọ̀ mìíràn. Ó ṣiṣẹ́ níbẹ̀ lóòótọ́. Ara ọkọ̀ mìíràn ni.

Nígbà tí ọkùnrin náà wá ra síkírínì àlòkù mìíràn láti Èkó, ìyẹn tàn, ó ní òun kò mọ ọkọ̀ tí wọ́n gbé òun wá, ó sì ti ara rẹ̀ pa. Ọ̀pọ̀ ilé iṣẹ́ ló ń ṣe é bẹ́ẹ̀ kí olè má baà rí èrè nínú síkírínì tó jí. Kò sí ohun tó burú nínú ọgbọ́n náà, àmọ́ ẹni tí ọkọ̀ rẹ̀ wà ní ìwọ̀ oòrùn Èkìtì, tí kò sí ilé iṣẹ́ tó ṣe ọkọ̀ nítòsí rẹ̀, ni yóò san owó rẹ̀. Owó tó bá ọ̀rọ̀ náà lọ kò ṣe é fi wé owó tó kọ́kọ́ san fún máàpù.

Ohun kejì tó ń pa síkírínì ni iná. Bí sọ́fítíwíà bá ń wọlé, ohun àtijọ́ ni ẹ̀rọ ń pa rẹ́, tó ń kọ ohun tuntun sí ipò rẹ̀. Ó lè gba ogójì ìṣẹ́jú, ó lè ju wákàtí kan lọ. Bí iná bá lọ láàárín méjì, èyí àtijọ́ ti lọ, tuntun kò tíì dé. Ní gbogbo àkókò yẹn, ojú ọkọ̀ ń tàn, fáànù lè máa yí, bátìrì ń rẹlẹ̀. Bátìrì tó bá ti lò ju ọdún mẹ́ta lọ nínú oòrùn wa lè bọ́ sísàlẹ̀ fólítì 12 kí iṣẹ́ tó dé ìdajì. A kò lè gbẹ́kẹ̀ lé iná NEPA láti fi ti ṣájà lẹ́yìn, jẹnẹrétọ̀ náà sì lè gbẹ epo. Ilé iṣẹ́ tó mọ iṣẹ́ rẹ̀ máa ń so ẹ̀rọ tó ń fún ọkọ̀ ní iná tó dúró ṣinṣin mọ́ bátìrì kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀. Ẹni tó ń ṣe é níwájú ilé oníbàárà, tó jókòó sínú ọkọ̀ pẹ̀lú fláàṣì nìkan, oríire ló gbé ara lé.

Ohun kẹta ni DVD tí wọ́n dà kọ. Kì í fi gbogbo ìgbà ba sọ́fítíwíà jẹ́, ṣùgbọ́n ojú tó ń ka DVD nínú ọkọ̀ ti pẹ́, eruku ti wọ̀ ọ́, agbára rẹ̀ sì ti dínkù. DVD olówó pọ́ọ́kú tí wọ́n fi kọ̀ǹpútà dà kọ ṣòro fún un láti kà ju ojúlówó lọ. Á máa yí i, á máa wá a, á máa gbóná, títí yóò fi kọ̀ láti ka ojúlówó pàápàá. Nígbà mìíràn, bébà tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ẹ̀yìn DVD náà á ṣí nínú ooru, á sì há sínú ẹ̀rọ.

Kí a má baà rò pé àwa aláìní nìkan ni nǹkan ń bàjẹ́ mọ́ lọ́wọ́, ẹ jẹ́ ká wo ohun tó ṣẹlẹ̀ sí àwọn tó ṣe ọkọ̀ fúnra wọn. Lóṣù kẹfà ọdún 2016, ìròyìn ojú ọjọ́ àti ti súnkẹrẹ-fàkẹrẹ tí wọ́n fi ránṣẹ́ sínú àwọn ọkọ̀ Lexus ní Amẹ́ríkà ní àṣìṣe nínú. Síkírínì ọ̀pọ̀ ọkọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í kú, ó ń jí, ó tún ń kú, àwọn tó ni wọ́n sì ní láti gbé wọn lọ sí ilé iṣẹ́. Lóṣù kìn-ín-ní ọdún 2022, ilé iṣẹ́ redíò KUOW ní Seattle fi àwọn àwòrán kan ránṣẹ́ lórí 94.9 FM láìfi irú fáìlì tí wọ́n jẹ́ hàn lẹ́yìn orúkọ wọn. Àwọn Mazda kan tí wọ́n ṣe láàárín ọdún 2014 sí 2017, tí sọ́fítíwíà wọn ti pẹ́, gba àwòrán náà, wọn kò mọ ohun tí wọn yóò fi ṣe, síkírínì wọn sì bẹ̀rẹ̀ sí í tan ara rẹ̀, ó ń pa ara rẹ̀, láìdúró. Àwòrán lásán ni o. Kò sí ẹni tó fẹ́ ba nǹkan jẹ́. Bí àwọn tó ní ìwé iṣẹ́ ẹ̀rọ náà lọ́wọ́, tí wọ́n ní ilé ìdánwò àti ẹgbẹẹgbẹ̀rún òṣìṣẹ́, bá lè rí irú èyí, kí ni ká retí lọ́wọ́ fáìlì tí ẹnìkan rí gbà lórí Telegram, tí kò mọ ẹni tó ṣe é, tí kò mọ ohun tí wọ́n yọ nínú rẹ̀ tàbí ohun tí wọ́n fi kún un?

Ọ̀rọ̀ wá dé ibi tó le jù. Síkírínì iwájú ọkọ̀ ayé òde òní kì í ṣe redíò mọ́. Wáyà tó so ó mọ́ ọkọ̀ ni àwọn ẹ̀rọ mìíràn náà fi ń bá ara wọn sọ̀rọ̀. Ní oṣù keje ọdún 2015, ọkùnrin méjì ará Amẹ́ríkà, Charlie Miller àti Chris Valasek, fi èyí han gbogbo ayé. Wọ́n jókòó sílé, wọ́n gba orí íntánẹ́ẹ̀tì wọ inú síkírínì Jeep Cherokee kan tí akọ̀ròyìn ń wà lójú ọ̀nà márosẹ̀ nítòsí St. Louis. Wọ́n tan fáànù rẹ̀, wọ́n gbé ohùn redíò sókè, wọ́n sì já agbára ẹnjìnì kúrò lára táyà lójú ọ̀nà. Nígbà tó yá, níbi tí kò ti sí ọkọ̀ mìíràn, wọ́n fi hàn pé àwọn lè sọ bíréèkì rẹ̀ di aláìlágbára. Ilé iṣẹ́ Fiat Chrysler ní láti pe nǹkan bí mílíọ̀nù 1.4 ọkọ̀ padà fún àtúnṣe.

Ohun tó yẹ kí àwa oníṣẹ́ fi sọ́kàn nínú ìtàn yẹn ni bí wọ́n ṣe ṣe é. Ẹ̀rọ kékeré kan wà nínú síkírínì náà tó dúró láàárín òun àti wáyà ọkọ̀. Wọ́n ṣe é kí ó lè máa gbọ́ ohun tí ọkọ̀ ń sọ. Àwọn méjèèjì tún sọ́fítíwíà ẹ̀rọ kékeré yẹn kọ, wọ́n kọ́ ọ bí òun náà yóò ṣe máa pàṣẹ, ó sì gbà á, nítorí kò yẹ ibi tí sọ́fítíwíà tuntun ti wá wò rárá. Ayédèrú sọ́fítíwíà ni agbára tí wọ́n ní lórí ẹnjìnì àti bíréèkì dúró lé. Nígbà tí ilé iṣẹ́ náà wá ń fi fláàṣì àtúnṣe ránṣẹ́ sílé àwọn oníbàárà, àwọn onímọ̀ ààbò bá wọn wí, wọ́n ní ó lè kọ́ àwọn ènìyàn láti máa ki fláàṣì tí wọn kò mọ orísun rẹ̀ bọ ọkọ̀.

Kì í ṣe gbogbo ọkọ̀ ló rí bíi Jeep yẹn. Nínú ọ̀pọ̀ tòkunbọ̀ àtijọ́ tó wà lọ́dọ̀ wa, síkírínì kò ní ohun tí yóò bá bíréèkì sọ. Èmi kò sì fẹ́ dẹ́rù ba ẹnikẹ́ni. Ṣùgbọ́n àwọn ọkọ̀ tó ń dé báyìí yàtọ̀ sí ti àná, ọjọ́ orí tòkunbọ̀ ń súnmọ́ ọdún tí síkírínì di ọpọlọ ọkọ̀. Òfin R156 ti Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lóṣù kìn-ín-ní ọdún 2021, ní dandan ni kí ilé iṣẹ́ máa ṣàkọsílẹ̀ sọ́fítíwíà tó wà nínú ọkọ̀ wọn, kí wọ́n sì fi hàn pé ìsọdọ̀tun rẹ̀ kò ní fa ewu. Láti oṣù keje ọdún 2024, ó ti di dandan fún gbogbo ọkọ̀ tuntun tí wọ́n ń tà ní àwọn orílẹ̀-èdè Ìṣọ̀kan Yúróòpù. Bí wọ́n ṣe ń yẹ bíréèkì wò náà ni wọ́n ṣe ń yẹ sọ́fítíwíà wò báyìí.

Ewu kan tún wà tí kì í pa síkírínì, tí olówó ọkọ̀ kò sì ní í rí. Bí a bá so fóònù mọ́ ọkọ̀, orúkọ àti nọ́ńbà gbogbo ẹni tí a mọ̀ lè wọ inú síkírínì, àti àwọn ìpè wa. Nínú àwọn kan, àtẹ̀jíṣẹ́ náà ń wọlé, alẹ́ẹ̀tì báǹkì sì wà lára àtẹ̀jíṣẹ́. Adirẹ́sì ilé wa náà wà níbẹ̀ bí a bá ti fi pamọ́. Sọ́fítíwíà tí a kò mọ orísun rẹ̀ lè jí gbogbo rẹ̀ kó. Lóṣù kẹfà ọdún 2025, FBI ti Amẹ́ríkà kìlọ̀ fún aráyé nípa ohun kan tí wọ́n ń pè ní BADBOX 2.0. Wọ́n ní àwọn ẹ̀rọ Android olówó pọ́ọ́kú kan ti gbé sọ́fítíwíà burúkú sínú kí oníbàárà tó rà wọ́n, tàbí kí ó wọ̀ wọ́n nígbà tí wọ́n bá ń gba áàpù láti ibi tí kò ní òǹtẹ̀. Síkírínì ọkọ̀ tí à ń rà lọ́jà láti fi rọ́pò ti ilé iṣẹ́ wà lára ohun tí wọ́n dárúkọ. Irú síkírínì bẹ́ẹ̀ pọ̀ ní Adó-Èkìtì báyìí.

Bí a bá tilẹ̀ wá rí ayédèrú máàpù tó wọlé láìba ohunkóhun jẹ́, ṣé ó lè mú wa débi tí à ń lọ? Ẹ wo ilẹ̀ wa. Ẹni tó ń lọ sí ìsun omi gbígbóná Ìkọ́gọ́sì lè gba Arámọ̀kọ kọjá ní Erínjìyàn, ó sì lè gba ọ̀nà Ìpólé-Ìlórò, níbi tí omi Àrìnta ti ń já bọ́ láti orí àpáta. Láàárín ibẹ̀, ọ̀nà oko pọ̀. Ẹni tó ya máàpù náà láti òkè òkun lè fi ìlà kan náà ya ọ̀nà oko àti ọ̀nà ọ̀dà, nígbà tí èyí tí táyà ń kọjá lórí rẹ̀ lọ́gbẹlẹ̀ lè di ẹrẹ̀ tàbí kòtò lọ́jọ́ tí òjò bá rọ̀ fún ọjọ́ méjì. Àwọn máàpù ọ̀fẹ́ tí àwọn ènìyàn ń fi ọwọ́ ara wọn yà, bíi OpenStreetMap tó bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 2004, jẹ́ iṣẹ́ rere, wọ́n sì ń tún un ṣe lójoojúmọ́. Bí ẹnìkan bá ti bù ú sínú fláàṣì, tó sì yí i padà kí ó lè wọ inú ọkọ̀ kan, ọjọ́ yẹn ló dúró sí. Oníbàárà kò mọ ọdún tí wọ́n bù ú.

Ọ̀rọ̀ ọ̀nà ti kọjá ọ̀rọ̀ eré ní Èkìtì. Ní ọjọ́ 29 oṣù kìn-ín-ní ọdún 2024, lápá kejì ìpínlẹ̀ wa, àwọn oníbọn pa ọba méjì, Onímòjò ti Ìmòjò àti Elésùn ti Ẹ̀sùn-Èkìtì, lójú ọ̀nà. Lọ́jọ́ yẹn kan náà ni wọ́n jí àwọn ọmọ ilé ìwé àti olùkọ́ wọn gbé ní Ẹ̀múrẹ́. Láti ìgbà náà, ọ̀pọ̀ wa kì í fẹ́ kí ilẹ̀ ṣú bá wa lójú ọ̀nà tí a kò mọ̀. Máàpù tó bá mú àlejò yà sí ọ̀nà àìmọ̀ ní ìrọ̀lẹ́ ti kó o sínú wàhálà tí àtúnṣe ṣọ́ọ̀bù kankan kò lè yanjú.

Ẹni tó bá fẹ́ kí ẹ̀rọ máa tọ́ òun sọ́nà ní ohun tó dára ju ayédèrú lọ nínú àpò rẹ̀. Máàpù orí fóònù mọ Nàìjíríà. Láti ọdún 2019 ni ti Google ti ń fi ohùn ọmọ Nàìjíríà sọ̀rọ̀. Láàárín àwọn òkè Ẹ̀fọ̀n, nẹ́tíwọ́ọ̀kì máa ń lọ, nítorí náà kí a ti gba máàpù agbègbè náà pamọ́ sórí fóònù kí a tó kúrò ní Adó tàbí Iléṣà. Kí a wá ohun tó lè gbé fóònù dúró níwájú, kí ojú má baà kúrò lójú ọ̀nà. Bí ọ̀nà bá sì ta kókó, kí a dúró níbi tí ènìyàn wà, kí a kí wọn, kí a béèrè. Abèèrè kì í ṣìnà.

Bí ó bá jẹ́ ìyọnu mìíràn ló wà lára síkírínì, kì í ṣe gbogbo rẹ̀ ló ń fẹ́ oògùn. Ní ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2022, aago inú ọ̀pọ̀ Honda àti Acura tó ní ẹ̀rọ atọ́nisọ́nà ṣàdédé padà sí ọdún 2002. Ilé iṣẹ́ Honda ní kí àwọn ènìyàn ní sùúrù, pé yóò tún ara rẹ̀ ṣe lóṣù kẹjọ. Nígbà tí oṣù kẹjọ dé, aago ọ̀pọ̀ wọn bọ́ sípò. Irú èyí wọ́pọ̀ nínú ẹ̀rọ àtijọ́, nítorí pé GPS máa ń ka ọ̀sẹ̀ dé 1,024, kí ó tó tún bẹ̀rẹ̀ láti òdo. Ó ṣẹlẹ̀ gbẹ̀yìn ní ọjọ́ 6 oṣù kẹrin ọdún 2019, sọ́fítíwíà tí kò mọ̀ bẹ́ẹ̀ sì lè rò pé ayé ti padà sẹ́yìn ní nǹkan bí ọdún 20. Aago tó ṣì í kà kò pa ẹnikẹ́ni lára. Ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́.

Bí ìsọdọ̀tun bá wá di dandan, ìlànà wà. Kí a kọ́kọ́ wo oríṣi ẹ̀rọ àti nọ́ńbà sọ́fítíwíà tó wà nínú rẹ̀, ojú síkírínì ni wọ́n máa ń kọ ọ́ sí. Kí a kọ ọ́ sínú ìwé, kí a sì fi fóònù yà á. Kí a fi nọ́ńbà ṣásí wádìí lọ́dọ̀ ilé iṣẹ́ tó ṣe ọkọ̀. Àwọn kan wà, bíi Ford, tí olówó ọkọ̀ lè gba ojúlówó sọ́fítíwíà SYNC lọ́dọ̀ wọn lọ́fẹ̀ẹ́ sórí fláàṣì, tí wọn yóò fi nọ́ńbà ṣásí mọ èyí tó bá ọkọ̀ mu. Bí ẹ̀rọ bá ní háàdì dísìkì tó ṣe é yọ, kí a da gbogbo ohun tó wà nínú rẹ̀ kọ sí ibòmíràn kí a tó yí ohunkóhun padà. Kí bátìrì wà ní pípé, kí ohun tó ń fún un ní iná má sinmi. Lẹ́yìn náà ni kí a bi ara wa pé: bí èyí kò bá wọlé, kí ni mo máa fi dá a padà? Bí kò bá sí ìdáhùn, kí a má bẹ̀rẹ̀.

Mo bẹ àwọn tó fẹ́ ra tòkunbọ̀ pé kí wọ́n tan síkírínì kí wọ́n tó sanwó. Kí wọ́n wo káàmẹ́rà, kí wọ́n tẹ éésì, kí wọ́n béèrè DVD, káàdì àti kódù redíò lọ́wọ́ ẹni tó ń tà á, kí wọ́n sì bi í léèrè bóyá ẹnìkan ti yí sọ́fítíwíà rẹ̀ padà rí. Bí wọ́n bá fẹ́ ta ọkọ̀ náà lọ́jọ́ iwájú, kí wọ́n pa orúkọ àti nọ́ńbà àwọn ènìyàn wọn rẹ́ nínú rẹ̀.

Ẹ̀yin ọmọ iṣẹ́ tí ẹ ń bọ̀ lẹ́yìn wa, ẹ̀yin ni mo kọ èyí fún jù. Ẹ mọ kọ̀ǹpútà ju bí àwa ṣe mọ̀ ọ́n nígbà tí a wà lọ́jọ́ orí yín. Iṣẹ́ náà ti di tiyín, ó sì máa mówó wọlé fún yín. Ẹ kọ́ bí ọkọ̀ ṣe ń bá ara rẹ̀ sọ̀rọ̀, ẹ kọ́ bí wọ́n ṣe ń ka àwòrán wáyà, ẹ kọ́ bí wọ́n ṣe ń da háàdì dísìkì kọ kí ẹ tó kọ́ bí wọ́n ṣe ń ki fláàṣì bọ inú rẹ̀. Bí oníbàárà bá sì gbé ohun tí ẹ kò lè dá padà wá, ẹ sọ fún un tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ pé, «Ọ̀gá, ẹ má bínú, a kò ní fọwọ́ kan èyí.» Owó ọjọ́ yẹn lè bọ́ lọ́wọ́ yín. Ọkọ̀ rẹ̀ yóò ṣì máa tan éésì, káàmẹ́rà rẹ̀ yóò ṣì máa hàn, bátìrì rẹ̀ kò ní kú mọ́jú. Ẹni tí ẹ bá sọ òótọ́ fún bẹ́ẹ̀ lè padà wá nígbà tí wáyà rẹ̀ bá jóná, nígbà tí àtánétọ̀ rẹ̀ kò bá fún bátìrì ní ṣájì mọ́, á sì mú ẹlòmíràn dání.